Fáìlì Tí Ó Sùn ní Àgọ́ Ọlọ́pàá: Ta ni Yóò Jí I?



Ọ̀rọ̀ àgọ́ ọlọ́pàá ni a fẹ́ bá yín sọ nínú ìtẹ̀jáde yìí. Ní ọdún 2006 tí ìjọba ka ènìyàn, 1,277,714 ni iye tí wọ́n kà ní Alímọ̀ṣọ́, kò sì sí ìjọba ìbílẹ̀ mìíràn ní Ìpínlẹ̀ Èkó tí ó tó bẹ́ẹ̀ nínú ìkànìyàn náà. Níbi tí èrò bá pọ̀ tó báyìí, ẹjọ́ kò lè wọ́n níbẹ̀. Láti Ìkòtún dé Ìgàndò, láti Ẹ̀gbẹ́dá dé Ìdímù, oríṣi ìkérora méjì ni à ń gbọ́ lẹ́nu àwọn ènìyàn wa bí a bá kírun Jímọ̀ tán. Ọ̀kan ni ti bàbá tí ó ń sọ pé wọ́n kó ọmọ òun lójú pópó, ó di ọjọ́ kẹrin, wọn kò gbé e dé ilé ẹjọ́, owó ni wọ́n ń béèrè. Ọ̀kan ni ti ìyá tí ó ń sọ pé wọ́n pa ọmọ òun, òun fi ẹjọ́ sùn, ọdún ti yí po, ọlọ́pàá tí fáìlì wà lọ́wọ́ rẹ̀ sì ti ṣí kúrò ní àgọ́ náà láìfi ọ̀rọ̀ lé ẹnikẹ́ni lọ́wọ́.

Ẹkún méjèèjì kò jọ ara wọn, ṣùgbọ́n ìbéèrè kan náà ni wọ́n ń bi wá. Bí ọlọ́pàá bá ń ṣe ìwádìí lọ́nà tí kò tọ́, tàbí tí kò bá ṣe é rárá, ta ni ó ní agbára láti bi í léèrè? Àwọn kan nínú wa ti gbà pé kò sí. Wọ́n ní ọlọ́pàá ni ìjọba, ta ni yóò mú ìjọba? Àwọn mìíràn sì gbà pé ohun gbogbo ni ilé ẹjọ́ lè dá dúró, bí lọ́yà ẹni bá ti gbóná tó. Àwọn méjèèjì ni ó ṣìnà. Ilé ẹjọ́ ní agbára lórí iṣẹ́ ọlọ́pàá, agbára náà kò kéré, ṣùgbọ́n ó ní ibi tí ó mọ. Ẹni tí kò bá mọ ibẹ̀ yóò ná owó rẹ̀ dànù, yóò sì padà sílé láti máa bú adájọ́.

Ẹ jẹ́ kí a ti ilé bẹ̀rẹ̀. Ní ọjọ́ 12 oṣù kẹsàn-án ọdún 2014, ilé alájà púpọ̀ kan wó nínú ọgbà ìjọ Synagogue Church of All Nations ní Ìkòtún. Ènìyàn 116 ni ó kú, àwọn tí ó pọ̀ jù nínú wọn sì jẹ́ àlejò tí ó ti orílẹ̀-èdè South Africa wá. Kò sí ẹni tí ó ń gbé ní agbègbè wa nígbà náà tí yóò gbàgbé bí ojú ọ̀nà Ìkòtún sí Ẹ̀gbẹ́ ṣe rí ní ọ̀sẹ̀ náà. Òfin kan wà ní Ìpínlẹ̀ Èkó láti ọdún 2007 tí ó ní kí májísíréètì jókòó wádìí ikú tí kò bá ti ọwọ́ Ọlọ́hun wá ní wọ́ọ́rọ́wọ́. Kọ́rónà ni wọ́n ń pe irú adájọ́ bẹ́ẹ̀. Májísíréètì Oyètádé Kọ́mọláfẹ́ ni ó jókòó lórí ọ̀ràn yìí. Ó gbọ́ ẹ̀rí lọ́tùn-ún lósì, nítorí agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Ní oṣù keje ọdún 2015 ni ó sọ èrò rẹ̀: ilé náà kò lágbára tó bí ó ti yẹ, kí wọ́n wádìí àwọn ẹnjiníà tí ó kọ́ ọ, kí wọ́n sì gbé wọn lọ sí ilé ẹjọ́, kí ìjọ náà pẹ̀lú wá jẹ́jọ́ pé kò gba ìwé àṣẹ kí ó tó kọ́lé.

A fẹ́ sọ ọ́ kí ó yé ara wa pé kì í ṣe nítorí pé ilé ìjọsìn Kìrìsìtẹ́nì ni ni a fi mú ọ̀rọ̀ yìí wá. Mọ́sálásí ti wó rí, ilé kéú ti wó rí, àwọn tí wọ́n sì kọ́ wọn kò dúró gba ìwé àṣẹ. Kùránì Alápọ̀n-ọ́nlé kọ́ wa pé kí a má ṣe jẹ́ kí ìkórìíra àwọn kan sún wa láti yẹ̀ kúrò lórí ìdọ́gba. Ohun tí ó gbé wa dé ibẹ̀ ni ohun tí àwọn ẹnjiníà náà ṣe lẹ́yìn ìgbà tí kọ́rónà sọ̀rọ̀ tán. Wọ́n gba Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀ lọ ní Èkó. Wọ́n ní kí ilé ẹjọ́ bá àwọn dá ọlọ́pàá lẹ́kun, kí wọ́n má ṣe pè àwọn, kí wọ́n má ṣe mú àwọn, kí wọ́n má sì gbé àwọn lọ sí ilé ẹjọ́ lórí ọ̀ràn náà, nítorí pé ẹ̀tọ́ àwọn gẹ́gẹ́ bí ọmọ ènìyàn ni wọ́n fẹ́ tẹ̀ mọ́lẹ̀. Adájọ́ Ibrahim Buba kò gbà fún wọn. Ó da ẹjọ́ náà nù, ọ̀nà sì ṣí fún ìjọba. Ní ọdún 2016, ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn bẹ̀rẹ̀ ní Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Èkó ní Ìkẹjà.

Àwọn ẹnjiníà wọ̀nyí kò ṣẹ̀ ní ti pé wọ́n lọ sí ilé ẹjọ́. Olúkúlùkù ni ó ní ẹ̀tọ́ láti béèrè. Ṣùgbọ́n ohun tí wọ́n béèrè ni ilé ẹjọ́ kì í fi tọrẹ. Kí ó tó di ìgbà náà ni Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn ti sọ ọ́ ní ọdún 2005, nínú ẹjọ́ tí ó wà láàrin Agbẹjọ́rò Àgbà Ìpínlẹ̀ Anambra àti Olóyè Chris Uba, pé ènìyàn kò lè sá sábẹ́ ilé ẹjọ́ kí ó fi í ṣe àgbòòrùn tí yóò máa ṣíji bò ó kúrò lọ́wọ́ ìwádìí ọ̀daràn. Ọlọ́pàá ni òfin yàn láti wádìí. Bí adájọ́ bá ń dá wọn dúró ní ẹnu ọ̀nà kí wọ́n tó wọlé, kò sí ọ̀daràn olówó kan tí wọn yóò lè bi léèrè mọ́ ní ilẹ̀ yìí. Síbẹ̀ ẹ̀yin náà ń kà á nínú ìwé ìròyìn pé ẹni ńlá báyìí gba ìwé láti ilé ẹjọ́ kan pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe fọwọ́ kan òun títí ayé. Ó ń ṣẹlẹ̀, ṣùgbọ́n ṣíṣẹlẹ̀ rẹ̀ kò sọ ọ́ di òfin.

Èyí ni ilẹ̀kùn kìn-ín-ní, tí ènìyàn ń kàn nítorí kí ọlọ́pàá má baà ṣiṣẹ́. Ilẹ̀kùn kejì ni ti ẹni tí ó ń bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n ṣiṣẹ́, ibẹ̀ sì ni ọ̀rọ̀ ìyá tí wọ́n pa ọmọ rẹ̀ wà.

Ní ọjọ́ Sunday, ọjọ́ 19 oṣù kẹwàá ọdún 1986, wọ́n fi bọ́ǹbù tí wọ́n dì sínú àpò ìwé ránṣẹ́ sí Délé Gíwá, olóòtú àgbà ìwé ìròyìn Newswatch, ní ilé rẹ̀ ní Ìkẹjà. Ó bú gbàmù mọ́ ọn lọ́wọ́, ó sì pa á. Agbẹjọ́rò rẹ̀ ni Gàní Fawẹ̀hìnmi, ọmọ Oǹdó, Mùsùlùmí bíi tiwa. Gàní kò jókòó de ọlọ́pàá. Òun fúnra rẹ̀ wá ẹ̀rí jọ, ó kọ ọ́ sínú ìwé, kò sì ju bí ọ̀sẹ̀ méjì lọ lẹ́yìn ikú náà tí ó fi gbé e lọ bá ọ̀gá àwọn agbẹjọ́rò tí ó ń bá Ìpínlẹ̀ Èkó rojọ́ ọ̀daràn. Ó dárúkọ ọ̀gá ológun méjì tí ó wà nídìí iṣẹ́ ìtọpinpin, Halilu Akilu àti A. K. Togun. Ó ní kí ìjọba gbé wọn lọ sí ilé ẹjọ́; bí ìjọba kò bá fẹ́, kí ó fọwọ́ síwèé pé òun kò fẹ́, kí òun Gàní lè gbé wọn lọ fúnra òun, nítorí pé òfin Èkó gba ẹni tí kì í ṣe òṣìṣẹ́ ìjọba láàyè láti ṣe bẹ́ẹ̀. A níláti sọ ọ́ gẹ́gẹ́ bí òdodo pé àwọn méjèèjì sẹ́ ẹ̀sùn náà, kò sì sí ilé ẹjọ́ kan tí ó dá wọn lẹ́bi títí di òní.

Ìdáhùn tí Gàní gbà ni pé ọlọ́pàá ṣì ń wádìí lọ́wọ́. Ẹ gbọ́ ọ dáradára, nítorí ìdáhùn náà ni ìyá Ìgàndò ń gbà títí di àárọ̀ òní. Gàní lọ sí Ilé Ẹjọ́ Gíga láti tọrọ àṣẹ tí wọ́n ń pè ní mandamus, èyíinì ni àṣẹ tí adájọ́ fi ń kàn án nípá fún ìránṣẹ́ ìjọba pé kí ó ṣe iṣẹ́ tí òfin gbé lé e lọ́wọ́. Wọ́n lé e. Ó lọ sí Kòtẹ́milọ́rùn, wọ́n lé e níbẹ̀ pẹ̀lú. Ohun tí wọ́n ń sọ fún un ni pé kí ni ó kàn án nínú rẹ̀? Kì í ṣe ọmọ òkú, kì í ṣe àbúrò òkú. Ní ọjọ́ 18 oṣù kejìlá ọdún 1987, Ilé Ẹjọ́ tí ó ga jù lọ yí ìdájọ́ náà padà. Adájọ́ Obaseki tọ́ka sí i pé ìbátan ní ilẹ̀ adúláwọ̀ kò mọ sí bàbá àti ọmọ, àti pé ọ̀ràn ẹ̀jẹ̀ jẹ́ ọ̀ràn gbogbo ará ìlú. Ẹnikẹ́ni tí ó bá ní ẹ̀rí lọ́wọ́ lè béèrè kí òfin ṣiṣẹ́. Ìdájọ́ yẹn ni ó la ọ̀nà fún gbogbo ẹni tí ó ti ń béèrè lọ́wọ́ aláṣẹ láti ìgbà náà wá. Nígbà tí Adájọ́ Idris Kutigi, tí ó jẹ́ olórí àwọn adájọ́ orílẹ̀-èdè yìí, gbé ìlànà tuntun jáde ní ọdún 2009 lórí bí a ṣe ń pe ẹjọ́ ẹ̀tọ́ ọmọ ènìyàn, ó kọ ọ́ sínú rẹ̀ pé kí ilé ẹjọ́ má ṣe da ẹjọ́ irú èyí nù nítorí pé ẹni tí ó pè é kì í ṣe ẹni tí ọ̀ràn bá gan-an. Ẹgbẹ́ lè pè é fún ọmọ ẹgbẹ́. Aládùúgbò lè pè é fún aládùúgbò.

Ṣùgbọ́n ẹ má ṣe jẹ́ kí inú wa dùn jù. Lórí ẹ̀jẹ̀ Délé Gíwá kan náà, ní oṣù kejì ọdún 2024, Adájọ́ Inyang Ekwo ti Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀ ní Àbújá tún pàṣẹ fún ìjọba pé kí ó wádìí ikú rẹ̀ àti ti àwọn oníròyìn mìíràn tí wọ́n pa, kí ó sì gbé àwọn tí ó ṣe é lọ sí ilé ẹjọ́. Ẹgbẹ́ Media Rights Agenda ni ó pe ẹjọ́ náà. Ọdún mẹ́tàdínlógójì lẹ́yìn ikú ni àṣẹ yìí jáde. Ẹlẹ́rìí mìíràn ti kú, ìwé mìíràn ti sọnù. Adájọ́ lè pàṣẹ pé kí ènìyàn walẹ̀, kò lè fún un ní ọkàn tí ó fẹ́ walẹ̀.

Gàní fúnra rẹ̀ tún padà lọ kan ilẹ̀kùn yìí, ìgbà yìí ni ó sì kan ògiri. Ní ọdún 1999, ó kọ̀wé sí Ọ̀gá Àgbà Ọlọ́pàá pé kí ó wádìí ẹ̀sùn pé gómìnà Ìpínlẹ̀ Èkó ìgbà náà, Aṣíwájú Bọ́lá Ahmed Tinúbú, tí ó di Ààrẹ ní ọdún 2023, sọ ohun tí kì í ṣe òótọ́ nípa ilé ìwé tí ó lọ. Ẹ̀sùn ni, kò sí ilé ẹjọ́ tí ó dá a lẹ́bi lórí rẹ̀. Ọlọ́pàá ní òfin dáàbò bo gómìnà, àwọn kò lè wádìí rẹ̀. Ọ̀rọ̀ dé Ilé Ẹjọ́ tí ó ga jù lọ, ìdájọ́ sì jáde ní oṣù karùn-ún ọdún 2002. Adájọ́ Uwaifo ni ó ka èyí tí ó ṣe kókó. Wọ́n ní irọ́ ni ọlọ́pàá ń pa: òfin kò jẹ́ kí a gbé gómìnà lọ sí ilé ẹjọ́ nígbà tí ó wà lórí oyè, ṣùgbọ́n kò sọ pé kí a má ṣe wádìí rẹ̀. Gàní ti jàre níbẹ̀. Ṣùgbọ́n wọ́n tún ní àwọn kò ní kàn án nípá fún ọlọ́pàá kí wọ́n wádìí, nítorí òfin fi ọgbọ́n inú sílẹ̀ fún ọlọ́pàá láti mọ ìgbà àti ọ̀nà tí yóò gbà ṣe iṣẹ́ rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ yìí ti pẹ́ ní ayé. Ní Lọ́ńdọ̀nù ní ọdún 1968, ọkùnrin kan tí ó ń jẹ́ Raymond Blackburn pe olórí ọlọ́pàá ìlú náà lẹ́jọ́, nítorí pé ó ti pàṣẹ ní bòókẹ́lẹ́ pé kí àwọn ọmọ iṣẹ́ òun gbójú kúrò lára tẹ́tẹ́ tí wọ́n ń ta nínú àwọn ilé fàájì. Lord Denning àti àwọn adájọ́ ẹgbẹ́ rẹ̀ sọ pé bí ọ̀gá ọlọ́pàá yóò ṣe pín ènìyàn rẹ̀ àti ẹni tí yóò mú, ọwọ́ rẹ̀ ni ó wà. Ṣùgbọ́n bí ó bá jí lọ́jọ́ kan tí ó ní òun kò ní bá olè kankan wí mọ́ bí ohun tí ó jí kò bá tó 100 pọ́n-ùn, ilé ẹjọ́ yóò dá sí i. Kí ẹjọ́ náà tó parí ni ọlọ́pàá ti yí àṣẹ bòókẹ́lẹ́ náà padà. Ẹ̀kọ́ kan wà nínú èyí tí àwọn lọ́yà wa kì í sọ fún oníbàárà: nígbà mìíràn, pípè tí a pe ẹjọ́ gan-an ni ó ń mú kí fáìlì jí, kì í ṣe ìdájọ́ tí ó kẹ́yìn rẹ̀.

Ní ojú tiwa, ìdájọ́ ọdún 2002 fi àyè tí ó pọ̀ jù sílẹ̀ fún ọlọ́pàá. Ọgbọ́n inú dára lọ́wọ́ ẹni tí ó ń ṣiṣẹ́. Lọ́wọ́ ẹni tí kò fẹ́ ṣe é, àwáwí ni. Bí àgọ́ kan bá ní ẹjọ́ olè ogún tí ó sì ní ọlọ́pàá márùn-ún, kò sí adájọ́ tí ó mọ èyí tí ó yẹ kí wọ́n kọ́kọ́ ṣe ju ọ̀gá àgọ́ náà lọ; a gbà bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí ìdílé òkú bá ti kọ̀wé lẹ́ẹ̀mẹta tí ẹnikẹ́ni kò dá wọn lóhùn, tí ẹlẹ́rìí wà ní ilé kejì tí wọn kò lọ bi í léèrè, ó yẹ kí adájọ́ lè sọ fún ọlọ́pàá pé, "Wá ka ohun tí o ti ṣe fún mi." Kò dìgbà tí ó bá di ọlọ́pàá fúnra rẹ̀ kí ó tó sọ bẹ́ẹ̀.

Níbi tí agbára ilé ẹjọ́ ti múná gan-an ni ọ̀rọ̀ bàbá tí wọ́n kó ọmọ rẹ̀. Níhìn-ín kò sí ọgbọ́n inú kankan. Ìwé Òfin ọdún 1999, ní abala 35, sọ pé bí ilé ẹjọ́ tí ó tó bá wà láàrin ogójì kìlómítà sí ibi tí wọ́n ti mú ènìyàn, ọjọ́ kan péré ni wọ́n ní láti gbé e dé iwájú rẹ̀. Ẹ wo Ìkòtún sí Ìkẹjà, ẹ wo Ìgàndò sí Ìkẹjà. Èwo nínú wọn ni ó tó ogójì kìlómítà? Nítorí náà ọjọ́ méjì tí àwọn kan ń pariwo kì í ṣe ti Alímọ̀ṣọ́ rárá. Bí ọlọ́pàá bá sọ pé ìwádìí kò tíì parí, iwájú májísíréètì ni ó ti yẹ kí ó sọ ọ́, kí májísíréètì pinnu bóyá wọn yóò dá ọmọ náà dúró àti fún ọjọ́ mélòó. Abala náà sì sọ síwájú sí i pé ẹni tí wọ́n bá tì mọ́lé lọ́nà àìtọ́ ní ẹ̀tọ́ sí owó ìtanràn, kí wọ́n sì tọrọ àforíjì lọ́wọ́ rẹ̀ ní gbangba. Òfin ọlọ́pàá ti ọdún 2020 fi kún un pé ọlọ́pàá kò gbọdọ̀ mú ènìyàn nítorí gbèsè tàbí nítorí àdéhùn tí ó yẹ̀. Ó tún ní kí adájọ́ májísíréètì àgbà máa bẹ àwọn àgọ́ ọlọ́pàá wò lóṣooṣù, kí ó wo ìwé àwọn tí wọ́n mú, kí ó sì fi ẹni tí ó bá yẹ sílẹ̀.

A mọ ohun tí àwọn àgbà wa yóò sọ. Wọn yóò ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n àárín ẹbí àti ọ̀rẹ́ ni wọ́n pa òwe náà fún. Ìwọ àti àgọ́ ọlọ́pàá kì í ṣe ọ̀rẹ́ tẹ́lẹ̀. Ẹni tí ó bá sì ń sá fún ilé ẹjọ́ nítorí ìtìjú, kí ó wo ohun tí ó ń dípò rẹ̀ ní àdúgbò wa. Ọ̀dọ́ tí kò gbà pé ọlọ́pàá yóò wádìí ni ó ń so táyà mọ́ ọlọ́ṣà lọ́rùn ní oríta. Bí wọ́n bá ṣì í mú ńkọ́? Ta ni yóò dá a padà sáyé? A ti rí lára àwọn ọmọ tí wọ́n ń kírun pẹ̀lú wa tí wọ́n dúró wo irú èyí, tí wọ́n sì ń pè é ní ìdájọ́ òdodo. Ọlọ́hun yóò bi wá léèrè ẹ̀mí yẹn.

Nítorí náà, ẹni tí ọ̀ràn bá kàn, kí ó kọ ọ́ sílẹ̀. Ẹjọ́ tí a fi ẹnu sùn lórí kántà kì í ní ẹsẹ̀. Kọ ìwé ẹ̀sùn, ṣe ẹ̀dà méjì, jẹ́ kí wọ́n fi òǹtẹ̀ lu tìrẹ kí ó wà lọ́wọ́ rẹ. Bí àgọ́ kò bá dáhùn, kọ ọ́ sí ọ̀gá agbègbè ní Ìdímù, kọ ọ́ sí kọmíṣánnà ní Ìkẹjà, nítorí ohun tí adájọ́ yóò kọ́kọ́ béèrè ni ìgbà tí o béèrè àti ohun tí wọ́n fi dá ọ lóhùn. Má ṣe jẹ́ kí ó pẹ́: oṣù mẹ́ta ni ìlànà ilé ẹjọ́ gíga Èkó fún ẹni tí ó bá fẹ́ kí adájọ́ yẹ iṣẹ́ aláṣẹ wò, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹjọ́ ẹ̀tọ́ ọmọ ènìyàn kò ní gbèdéke bẹ́ẹ̀. Bí ó bá jẹ́ ikú ni, pàápàá ikú inú àtìmọ́lé, ní kí kọ́rónà jókòó. Ẹni tí kò lówó lọ́yà, kí ó lọ sí ọ́fíìsì agbẹjọ́rò gbogbo ènìyàn tí Ìpínlẹ̀ Èkó dá sílẹ̀, tàbí sí àjọ Legal Aid, ọ̀fẹ́ ni. Kí o má sì purọ́ kan mọ́ ọn. Irọ́ kan ṣoṣo nínú ìwé ẹ̀sùn, lọ́yà ọlọ́pàá yóò fi í da òótọ́ mẹ́sàn-án nù.

Àwọn lọ́yà wà láàrin wa ní ẹ̀ka Ìkòtún, Ẹ̀gbẹ́dá àti Ìgàndò. A ń fẹ́ kí ẹ̀ka kọ̀ọ̀kan yan méjì nínú wọn, kí àwọn ọ̀dọ́ mẹ́ta sì máa tẹ̀lé wọn. Iṣẹ́ wọn àkọ́kọ́ kò le. Kí wọ́n lọ sí àgọ́ tí ó súnmọ́ wọn, kí wọ́n kí ọ̀gá ibẹ̀ pẹ̀lú ọ̀wọ̀, kí wọ́n sì béèrè ọjọ́ tí májísíréètì wá yẹ ìwé àtìmọ́lé wò kẹ́yìn. Ìdáhùn tí wọ́n bá gbà, kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀ pẹ̀lú déètì, kí wọ́n sì mú un wá sí ìpàdé oṣù tí ń bọ̀.